Ẹ má fọwọ́ kàn wọ́n jí: ohun tí mo kọ́ lára ọkọ mi tó ti ojú ogun bọ̀

Lọ́jọ́ Ìṣẹ́gun tó kọjá, ọmọbìnrin kan wá ra ẹ̀wà lọ́wọ́ mi ní Bódìjà, ètè ẹ̀ wú, mo bi í pé kí ló dé, ó ní òun ṣubú ni. Mi ò dá a lóhùn, mo ń wọn ẹ̀wà lọ, ìgbà tí mo máa fi wọn kóńgò kejì, omi ti ń bọ́ lójú ẹ̀. Sójà lọkọ ẹ̀, kò tíì ju oṣù méjì lọ tó ti Maiduguri dé. Ó ní òun kàn gbá a léjìká lóru ni pé kó dìde lọ ti géètì, àfi bó ṣe fò sókè tó gbá òun lẹ́nu tó fún òun lọ́rùn, ó ní ojú ẹ̀ là sílẹ̀ kedere ṣùgbọ́n kò rí òun. Ìgbà tó wá mọ ẹni tó wà lọ́wọ́ ẹ̀, ṣe ló jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀ tó ń gbọ̀n bí ẹni ibà mú. Ó wá bi mí pé, "Màmá, àbí wọ́n ti fi nǹkan ṣe ọkọ mi ni?"

Ìbéèrè tí mo bi ìyá ọkọ mi ní Jánúárì 2000 gan-an nìyẹn. Mo ní kó jókòó, mo ra píọ̀ wọ́tà fún un, a sọ̀rọ̀ títí ọjà fi fẹ́ẹ̀ tú. Nígbà tí mo délé mi ò rí oorun sùn, mo ní kí n kọ ọ́ sílẹ̀, torí mo mọ̀ pé kì í ṣe òun nìkan, àwọn ìyàwó sójà pọ̀ nílẹ̀ yìí tí wọ́n ń fi páúdà bo ojú kí wọ́n tó jáde, tí wọn ò mọ ohun tó wọlé tọ̀ wọ́n.

Sójà ni bàbá àwọn ọmọ mi. Dádì ni mo máa ń pè wọ́n, ẹ jẹ́ kí n máa pè wọ́n bẹ́ẹ̀ níbí náà. Wọ́n kọ́kọ́ bá ECOMOG, àwọn ọmọ ogun tí àwọn orílẹ̀-èdè Ìwọ̀-Oòrùn Áfíríkà kó jọ, lọ sí Làìbéríà ní 1992, ọdún tí àwọn ọmọ ogun Charles Taylor ya bo Monrovia lóṣù October, wọ́n dé ní 1994, wọ́n kàn ń dákẹ́ ju ti tẹ́lẹ̀ lọ ni, a bí ọmọ méjì. Ní 1998 wọ́n tún ní kí wọ́n máa lọ Sàró, ìyẹn Sierra Leone. Ìgbà tí wọ́n dé lóṣù November 1999, rédíò kan ni wọ́n gbé dání àti aṣọ gàrà ẹlẹ́wà kan tí wọ́n rà fún mi ní Freetown, a pa adìyẹ, a lọ ṣe ìdúpẹ́ ní ṣọ́ọ̀ṣì, gbogbo èèyàn ń wo ọwọ́ wọn ń wo ẹsẹ̀ wọn pé ó pé, ó pé, Ọlọ́run ṣeun. Lóòótọ́ ó pé. Kò sẹ́ni tó wo ojú wọn.

Ẹ rántí ìparí ọdún yẹn, gbogbo ayé ló ń pariwo 2000. Láago méjìlá òru àwọn ọmọ àdúgbò bẹ̀rẹ̀ sí í yin báńgà, kì í ṣe ẹyọ kan ẹyọ méjì, ilẹ̀ ń mì. Mo wà ní kíṣìnì, mo gbọ́ tí nǹkan gbá gìdì ní pálọ̀, nígbà tí mo sáré débẹ̀ mi ò rí ẹnikẹ́ni, abẹ́ tábìlì ni mo ti bá wọn. Wọ́n fi gbogbo ara bo ọmọ wa obìnrin mọ́lẹ̀, ọmọ ọdún mẹ́rin nígbà yẹn, wọ́n fi àtẹ́lẹwọ́ di ẹnu àti imú ẹ̀ pọ̀, ojú ọmọ ti ń yọ. Wọ́n ń sọ kẹ́lẹ́kẹ́lẹ́ sí i létí pé "no kray, no kray". Ó pẹ́ kí n tó mọ̀ pé èdè Sàró ni, "má sunkún" ló ń jẹ́. Èmi tí mi ò mọ nǹkan kan, mo fi ọwọ́ méjèèjì fa ẹsẹ̀ wọn, ẹsẹ̀ yẹn náà ni wọ́n fi ta mí láyà, ara firíìjì ni mo balẹ̀ sí. Ọlọ́run ló yọ ọmọ yẹn.

Ohun àkọ́kọ́ tí mo kọ́ nìyẹn, mo sì fi àyà mi kọ́ ọ. Ẹ má fọwọ́ kàn wọ́n jí. Ẹ má ti ẹ̀yìn wá bá wọn. Tó bá pọn dandan kí ẹ jí wọn, ẹ dúró síbi ẹsẹ̀ bẹ́ẹ̀dì, ẹ jìnnà tó ibi tí ọwọ́ wọn ò lè tó, ẹ tan iná, ẹ pe orúkọ wọn, orúkọ tí ìyá wọn sọ wọ́n o, kì í ṣe ráǹkì, ẹ máa pè é jẹ́jẹ́ títí wọ́n á fi dáhùn, kí ẹ wá sọ ibi tí wọ́n wà fún wọn. Èmi máa ń sọ pé "Ìbàdàn la wà, èmi ni, àwọn ọmọ ń sùn." Ó dà bí ọ̀rọ̀ òmùgọ̀ lẹ́nu lákọ̀ọ́kọ́. Láàárín ọ̀sẹ̀ mẹ́ta mo rí i pé èjìká wọn máa ń wálẹ̀ bí mo bá ti dé ibi "àwọn ọmọ ń sùn".

Ẹ jẹ́ kí n padà sí ìyá ọkọ mi. Nígbà tí mo bi wọ́n pé àbí wọ́n ti fi nǹkan ṣe Dádì ni, wọ́n mirí, wọ́n ní, "Bí bàbá wọn náà ṣe ṣe nìyẹn." Bàbá ọkọ mi ja ogun abẹ́lé, ogun Biafra, láti 1967 títí wọ́n fi túúbá ní Jánúárì 1970. Mo bá wọn láyé díẹ̀. Bàbá tí kì í jókòó kó máà fẹ̀yìn ti ògiri, tó jẹ́ pé bí ọmọdé bá já nǹkan lulẹ̀ nínú ilé, ẹgba ni, gbogbo ìdílé ló gbà pé ìkà ni bàbá. Ẹ mọ̀ pé àwa Yorùbá máa ń sọ ọ́ ní yẹ̀yẹ́ pé "ó le kú, ìjà Ọ̀rẹ̀", láti ara ìjà tí wọ́n jà ní Ọ̀rẹ̀ nínú ogun yẹn, tí èrò bá pọ̀ níbi ìnáwó, tí epo bá wọ́n, a ó ní ó le kú ìjà Ọ̀rẹ̀. Ìyá ọkọ mi ní bí ẹnikẹ́ni bá sọ ọ́ níwájú bàbá, bàbá á dìde kúrò níbẹ̀ ni, bí oúnjẹ wà lọ́wọ́ wọn wọ́n á gbé e kalẹ̀. Wọn ò sọ ìdí ẹ̀ fún ẹnì kankan dọjọ́ ikú. Ó dùn mí títí dòní pé gbogbo wa pè é ní ìwà.

Àwọn baba wa ayé àtijọ́ gan-an mọ̀ ọ́n, tí ẹ bá rò ó dáadáa. Ogun tí Ìbàdàn àti àwọn Èkìtì Parapọ̀ jà láti 1877, ọdún 16 ni wọ́n fi wà lójú ẹ̀ kí wọ́n tó tú ká ní 1893. Kírìjì ni wọ́n ń pè é, orúkọ yẹn kì í ṣe orúkọ ìlú, kì í ṣe orúkọ jagunjagun kankan, ìró ìbọn ni. Nínú gbogbo nǹkan tí ojú wọn rí fún ọdún 16, ìró yẹn ni wọ́n mú bọ̀ wálé fún ọmọ wọn.

Lẹ́yìn ọ̀rọ̀ báńgà yẹn a bẹ̀rẹ̀ ìrìn. Ṣọ́ọ̀ṣì kan ní ẹ̀jẹ̀ àwọn tí wọ́n pa lójú ogun ló ń jà, a gba ààwẹ̀ ọjọ́ méje, ilé ìṣègùn kan ní àwọn tó ń jowú ìgbéga wọn ló ta wọ́n lọ́fà, a ra ewúrẹ́. Mi ò bẹnu àtẹ́ lu àdúrà o, orí ìkúnlẹ̀ ni mo ti kọjá púpọ̀ nínú ọdún wọ̀nyẹn. Ohun tí mo ń sọ ni pé nínú gbogbo ibi tí a lọ, kò sẹ́ni kan tó bi wọ́n pé báwo ni wọ́n ṣe ń sùn. Ara wọn sì ń burú sí i. Ògógóró wọlé, ìdajì ìgò lálẹ́ kí oorun lè wá, ó wá di ìgò kan, ohun tó jẹ́ kí n gbà pé kì í ṣe ọ̀mùtípara ni pé bí oorun bá ti gbé wọn, wọn ò tún ní fọwọ́ kàn án mọ́. Oorun ni wọ́n ń rà. Tí ẹ bá ń fọ́ ìgò tàbí tí ẹ ń tú u dà nù láìwá nǹkan ṣe sí oorun, ẹ ń dá ara yín lágara lásán.

Ẹni tó kọ́kọ́ là mí lọ́yẹ̀ kì í ṣe dókítà. Ìyá Ìgbò kan tó ń ta edé lẹ́gbẹ̀ẹ́ ìsọ̀ mi ni. Ọmọ ọdún méje ni wọ́n nígbà tí àwọn sójà ìjọba àpapọ̀ gba Port Harcourt ní May 1968, wọ́n sá wọ inú igbó pẹ̀lú ìyá wọn, àbúrò wọn méjì ni kwashiorkor pa. Mo ti jókòó tì wọ́n fún ọdún mẹ́rin kí n tó fura pé bí ọkọ̀ òfurufú bá ti fò wálẹ̀ díẹ̀ lórí ọjà, wọ́n á dákẹ́, ọ̀rọ̀ tó wà lẹ́nu wọn á dúró sáàárín, ọwọ́ wọn á di etí tábìlì mú, tó bá ti kọjá tán wọ́n á máa bá ọ̀rọ̀ lọ bí ẹni pé nǹkan kan ò ṣẹlẹ̀. Wọn ò sì lè da oúnjẹ nù, ìrẹsì tó bá kan pàápàá wọ́n á sá a sóòrùn. Ọjọ́ tí mo sọ ọ̀rọ̀ Dádì fún wọn, wọ́n rẹ́rìn-ín músẹ́, wọ́n ní, "Ìyàwó mi, ara ló ń rántí. Èmi ti gbàgbé, ara mi ò gbàgbé." Bàbá ọkọ mi wà nínú ogun tó lé wọn wọ igbó yẹn. Mo sọ fún wọn, ẹ̀rù bà mí kí n tó sọ ọ́. Wọ́n dákẹ́ fún ìgbà díẹ̀, wọ́n wá bi mí pé, "Ṣé òun náà rí oorun sùn títí ó fi kú?" Mo ní rárá. Wọ́n ní "ẹ̀ẹ́n," wọ́n bá ń ṣa edé wọn lọ.

Ọ̀rọ̀ "ara ló ń rántí" yẹn ni mo di mú. Ẹ wò ó báyìí: lójú ogun, ẹni tó sùn wọra ló ń kú. Ẹni tó bá gbọ́ ìró, tó kọ́kọ́ dúró rò ó pé kí nìyẹn, ó ti lọ. Nítorí náà ara á kọ́ láti fò kí orí tó rò ó. Ẹ̀kọ́ yẹn ló gba ẹ̀mí ọkọ yín là, òun ló jẹ́ kó padà wá bá yín, kò sì sẹ́ni tó sọ fún ara náà pé ogun ti tán. Bí ajá tí wọ́n fi ṣọ́ ẹnu ọ̀nà fún ọdún púpọ̀ ni, ẹ kó kúrò nílé yẹn, ajá ṣì ń gbó gbogbo ẹni tó bá kọjá. Ẹ ò ní na ajá yẹn kó tó dákẹ́. Àwọn òyìnbó náà ò tètè mọ̀ ọ́n, nígbà ogun àgbáyé kìíní wọ́n rò pé ìró ọta ńlá ló ń mi ọpọlọ àwọn sójà wọn, wọ́n ń pè é ní shell shock, ọdún 1980, lẹ́yìn ogun Vietnam, ni àwọn dókítà Amẹ́ríkà tó kọ ọ́ sínú ìwé àìsàn wọn tí wọ́n pè é ní PTSD.

Ṣùgbọ́n ìbẹ̀rù nìkan kọ́ o, èyí ni mo fẹ́ kí ẹ gbọ́ dáadáa torí òun ló pẹ́ jù kó tó yé mi.

Dádì ní ìwà kan. Láàárín òru, wọ́n á mú tọ́ọ̀ṣì, wọ́n á lọ sí yàrá àwọn ọmọ, wọ́n á ká aṣọ ìbora sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan, wọ́n á di ọrùn ọwọ́ ọmọ kọ̀ọ̀kan mú, ọ̀tún, òsì, wọ́n á wò ó, wọ́n á dá a padà. Ojoojúmọ́. Mo kọ́kọ́ rò pé wọ́n fẹ́ fi ọmọ mi ṣe nǹkan, kí Ọlọ́run má bínú sí mi. Ìwà kejì, wọn ò lè gbọ́ òórùn àkàrà. Èmi tí mò ń ta ẹ̀wà! Àràárọ̀ Sátidé ni mo máa ń dín àkàrà fún àwọn ọmọ, bí epo bá ti ń gbóná, Dádì á wọ bàtà, wọ́n á jáde, wọn ò ní wọlé títí ọ̀sán. Mo bi wọ́n, wọ́n ní inú ni kò gbà á. Mo fi ọdún mẹ́rin bínú sí wọn lórí àkàrà.

Alẹ́ kan ní 2004, wọ́n ti mú iná lọ, mo ń ṣa ẹ̀wà lórí àtẹ pẹ̀lú láńtánì, wọ́n wá jókòó tì mí, àwọn náà bẹ̀rẹ̀ sí í ṣà á. Mi ò bi wọ́n ní nǹkan kan. A ti ń ṣà á tó ogún ìṣẹ́jú nígbà tí wọ́n sọ̀rọ̀, ojú wọn ò kúrò lára ẹ̀wà. Wọ́n ní ìyá arúgbó kan wà ní Kissy, lápá ìlà oòrùn Freetown, àárọ̀ àárọ̀ ló máa ń dín àkàrà nítòsí chẹ́kìpọ́ìǹtì wọn. Ẹ mọ̀ pé ọmọ Yorùbá wà ní Sàró, àwọn tí wọ́n kó lẹ́rú nígbà ogun àwọn baba wa, tí ọkọ̀ ojú omi àwọn òyìnbó gbà wọ́n sílẹ̀ lórí òkun tí wọ́n kó wọn sọ̀ síbẹ̀, Oku ni wọ́n ń pe àwọn ọmọ wọn, àkàrà náà ni wọ́n ṣì ń pe àkàrà. Ìyá yìí ní Ẹ̀gbá ni ìyá ìyá òun, ìgbà tó gbọ́ pé Dádì ń sọ Yorùbá, ó ń pè wọ́n ní "ọmọ mi", kò gba owó lọ́wọ́ wọn mọ́. Ọmọ-ọmọ ẹ̀ obìnrin ló máa ń gbé àwo àkàrà wá fún wọn.

January 6, 1999, àwọn ọlọ̀tẹ̀ gba apá ìlà oòrùn wọ Freetown. Àwọn ọ̀gá wọn ní kí àwọn Dádì fà sẹ́yìn, wọ́n fà sẹ́yìn. Ó fẹ́ẹ̀ tó ọ̀sẹ̀ mẹ́ta kí ECOMOG tó lé àwọn ọlọ̀tẹ̀ jáde nínú ìlú. Ẹ ti gbọ́ ohun tí àwọn ọlọ̀tẹ̀ yẹn ṣe, bí wọ́n ṣe ń dáná sun ilé pẹ̀lú èèyàn nínú, bí wọ́n ṣe ń bi èèyàn bóyá ó fẹ́ "short sleeve" tàbí "long sleeve" kí wọ́n tó gé ọwọ́ ẹ̀. Nígbà tí Dádì padà dé Kissy, ilé ìyá yẹn ti di eérú. Wọ́n rí ọmọ náà lẹ́yìn ọjọ́ mélòó kan, ó wà láàyè, ọwọ́ tó fi ń gbé àwo wá ni kò sí mọ́. Wọ́n ní ọmọ náà dá wọn mọ̀, ó kí wọn.

Wọ́n ní, "A fi wọ́n sílẹ̀. Mo jẹ àkàrà wọn, mo sì fi wọ́n sílẹ̀."

Ẹ̀wà wà lọ́wọ́ mi, mi ò lè jù ú sílẹ̀, mi ò lè mú un dání. Gbogbo ọdún tí mo fi rò pé ẹ̀rù ikú ló ń lé wọn dìde lóru, ẹ̀bi ni. Ohun tí wọ́n ṣe kọ́, ohun tí wọn ò lè ṣe ni. Mo fẹ́ sọ fún wọn pé kì í ṣe ẹ̀bi yín, ọ̀rọ̀ náà ti dé ẹnu mi, Ọlọ́run ló dá a padà. Mo wá mọ̀ lẹ́yìn náà pé ọ̀rọ̀ yẹn máa ń pa ilẹ̀kùn dé ni. Àṣẹ ni wọ́n tẹ̀ lé, àwọn gan-an mọ̀, mímọ̀ yẹn ò wẹ ohunkóhun kúrò. Mo kàn bi wọ́n pé kí lorúkọ ìyá náà. Wọ́n sọ ọ́ fún mi. Láti ọjọ́ yẹn, a máa ń dárúkọ ẹ̀ nínú àdúrà nílé wa.

Nítorí náà, ẹ̀yin àbúrò mi, ẹ má bi wọ́n pé "kí lẹ rí?" Ẹ kìlọ̀ fún àwọn àna yín, ẹ kìlọ̀ fún àwọn ọmọdé, kí ẹnikẹ́ni má bi wọ́n pé "èèyàn mélòó lẹ pa?" Ìbéèrè yẹn ni gbogbo ọ̀rẹ́ ìdí ọtí máa ń bi wọ́n, ó ń já wọn sí wẹ́wẹ́. Ẹ wá iṣẹ́ ọwọ́ kan tí ẹ jọ lè máa ṣe tí ojú ò ní kan ojú, kí ẹ ṣa ẹ̀wà, kí ẹ bó ẹ̀gúsí, kí ẹ wẹ mọ́tò, kí ẹ jókòó ní pẹ̀lẹ́. Ó lè jẹ́ oṣù mẹ́ta, ó lè jẹ́ ọdún mẹ́rin bíi tèmi. Tí wọ́n bá sì bẹ̀rẹ̀, ẹ má sunkún ju àwọn tó ń sọ ọ́ lọ, bí ẹkún yín bá pọ̀ jù, ẹ̀yin ni wọ́n á máa rẹ̀ lẹ́kún, wọn ò ní parí ọ̀rọ̀.

Lẹ́yìn alẹ́ ẹ̀wà yẹn ni wọ́n tó gbà kí a lọ sí ọsibítù. Ọ̀rọ̀ ọsibítù ọpọlọ le lẹ́nu wa, ẹ bá ti dárúkọ Aró, wèrè ni gbogbo èèyàn gbọ́. Bẹ́ẹ̀ Aró yẹn náà, ọmọ Abẹ́òkúta kan, Ọ̀jọ̀gbọ́n Adéoyè Lambo, ló sọ ọ́ di ohun tí gbogbo ayé wá ń wò láti 1954, wọ́n jẹ́ kí àwọn aláìsàn máa gbé ní àwọn abúlé tó yí ibẹ̀ ká pẹ̀lú ẹbí wọn, wọ́n ń roko, wọ́n ń jẹ oúnjẹ ilé, wọ́n ń wá gba ìtọ́jú, wọ́n tún jẹ́ kí àwọn oníṣègùn ìbílẹ̀ bá wọn ṣe é. Wọn kì í so èèyàn mọ́lẹ̀ bí àwọn kan ṣe rò. Wọ́n fún Dádì ní oògùn, wọ́n sì ní kí wọ́n máa wá sọ̀rọ̀ lọ́sẹ̀ méjì méjì. Dókítà ti sọ ọ́ fún wa níwájú pé oògùn náà lè lo ọ̀sẹ̀ mẹ́rin sí mẹ́fà kó tó ṣiṣẹ́, pé a ò gbọ́dọ̀ dá a dúró lójijì. A dá a dúró. Oṣù kẹta, oorun ti ń wá, mo ní owó ò sí, ara sì ti yá, kò ju ọjọ́ mẹ́wàá lọ tí tọ́ọ̀ṣì fi padà. Ẹ má ṣe bíi tèmi. Bí owó bá wọ́n, ẹ padà lọ sọ fún dókítà pé owó wọ́n, oògùn tí owó ẹ̀ mọ níwọ̀n wà.

Ohun kan wà tí mi ò ní fi pamọ́. Lọ́dún 2002, Dádì bẹ̀rẹ̀ sí í pín aṣọ wọn fún àwọn àbúrò wọn, wọ́n dá gbogbo gbèsè padà, ara wọn balẹ̀, wọ́n tún ń ṣàwàdà, inú mi ń dùn. Ìyá tó ń ta edé yẹn ló sọ fún mi pé kí n yẹ abẹ́ bẹ́ẹ̀dì wò. Oògùn apakòkòrò tí mo fi ń tọ́jú ẹ̀wà ni mo bá níbẹ̀. Bí ẹni tí ìdààmú ti bá tipẹ́ bá ṣàdédé balẹ̀, tó ń pín nǹkan ìní, ẹ má fi sílẹ̀ lóun nìkan, ẹ kó oògùn àti ìbọn kúrò nílé lọ́jọ́ yẹn gan-an, ẹ bi í tààrà bóyá ó fẹ́ pa ara ẹ̀. Bíbi í kò ní kó o sí i lórí. Mo bi Dádì, wọ́n ní bẹ́ẹ̀ ni, wọ́n sì sunkún, ìgbà àkọ́kọ́ nìyẹn tí mo rí ẹkún wọn.

Mo sọ fún ọmọbìnrin ọjọ́ Ìṣẹ́gun yẹn náà pé èyí tó ṣẹlẹ̀ lójú oorun yàtọ̀ sí èyí tó bá ṣẹlẹ̀ lójú ọ̀sán. Bí ọkọ bá jí sáyé, tó mọ̀ yín, tó ń lù yín, ẹ kó ọmọ yín kúrò níbẹ̀, ẹ lè máa ti ibòmíì bá a wá ìtọ́jú. Àìsàn kì í ṣe ìwé àṣẹ láti pa ìyàwó.

Kí ẹ sì wo ara yín. Ọmọ mi obìnrin, ẹni abẹ́ tábìlì yẹn, nọ́ọ̀sì ni báyìí, òun ló kà á fún mi pé Àjọ Ìlera Àgbáyé sọ ní 2019 pé nínú èèyàn 5 tó gbé níbi tí ogun ti jà láàárín ọdún 10, ẹnì 1 ló ń bá àìsàn ọpọlọ kan tàbí òmíràn fínra. Mo ní àwa tí a ò dé ibẹ̀ ńkọ́? Torí èmi náà, tí wọ́n bá kan ilẹ̀kùn báyìí, Dádì ni mo máa kọ́kọ́ wò kí n tó wo ilẹ̀kùn. Ọmọ mi ọkùnrin ò lè sùn nínú yàrá tí kò ní kọ́kọ́rọ́. A ò sọ òótọ́ fún wọn nígbà tí wọ́n kéré, a ní "Dádì ń bínú ni", wọ́n fi gbogbo ìgbà ọmọdé wọn wá ohun tí wọ́n ṣe tí Dádì fi ń bínú. Ẹ sọ ọ́ fún wọn bó ṣe mọ, pé "Dádì rí nǹkan tó dẹ́rù bà wọ́n gan-an níbi iṣẹ́, ara wọn ń rántí ẹ̀, ìwọ kọ́ lo fà á."

Tó bá di December, ẹ tètè lọ bá alága àdúgbò lórí ọ̀rọ̀ báńgà. Àwa máa ń kó lọ sí oko ẹ̀gbọ́n mi lẹ́yìn Ìdó láti ọjọ́ Kérésì títí ọdún á fi wọlé.

Dádì ti lé ní ọgọ́ta ọdún. Wọn ò tíì jẹ àkàrà, mi ò sì retí ẹ̀ mọ́, mọ́ínmọ́ín là ń jẹ. Lálẹ́ àná jẹnẹrétọ̀ alájọgbé wa yin gbàù lójijì, wọ́n ti dìde dúró kí n tó mọ̀, ọwọ́ wọn ti ń wá nǹkan tí kò sí lẹ́gbẹ̀ẹ́ ìbàdí. Mi ò kúrò lórí àga mi. Mo ní, "Jẹnẹrétọ̀ Bàbá Kẹ́hìndé ni." Wọ́n wò mí, wọ́n wo fèrèsé, wọ́n ní, "Kí ó lọ pe ẹni tó máa bá a tún un ṣe," wọ́n sì jókòó.